Ta Ni Ó Mọ Wá? Ọbàtálá, Ògún àti Ẹni Tó Ń Dáhùn fún Iṣẹ́ Ọwọ́ Rẹ̀

Ẹ̀yin tí ẹ fẹ́ràn ìwé ìtàn àròsọ bíi tiwa á ti pàdé òrìṣà kan tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Aulë. J.R.R. Tolkien, òǹkọ̀wé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ló dá a sínú ayé tó fi ọpọlọ ara rẹ̀ rò. Ìtàn náà wà nínú The Silmarillion, ìwé tí wọ́n tẹ̀ jáde ní ọdún 1977 lẹ́yìn tí Tolkien ti kú. Alágbẹ̀dẹ ni Aulë láàárín àwọn òrìṣà ayé yẹn. Òun ló ni òkúta, òun ló ni irin, òun ló sì ni gbogbo iṣẹ́ ọwọ́. Nígbà tó yá, kò ní sùúrù mọ́ láti dúró de àwọn ọmọ tí Ẹlẹ́dàá àgbà fẹ́ dá. Ó wọ abẹ́ òkè lọ, ó sì fi ọwọ́ ara rẹ̀ mọ bàbá àwọn aràrá méje. Ṣùgbọ́n wọn kò ní ẹ̀mí tiwọn. Àfi tí Aulë bá ro ìrìn kí wọ́n tó rìn. Ẹlẹ́dàá pè é, ó bi í léèrè ohun tó ṣe. Aulë gbé òòlù sókè láti fọ́ wọn, ẹ̀rù ba àwọn aràrá, wọ́n bẹ̀ ẹ́. Ìgbà yẹn ló yé e pé Ẹlẹ́dàá ti fún wọn ní ẹ̀mí.

Àríyànjiyàn bẹ̀rẹ̀ láàárín wa nígbà tí a ka ìtàn yìí: ta ni Aulë tiwa? Àwọn kan ní Ọbàtálá ni, torí òun ló ń mọ ènìyàn. Àwọn kan ní Ògún ni, torí òun ló ni irin àti àgbẹ̀dẹ. A wo ọ̀rọ̀ náà sọ́tùn-ún sósì, a sì rí i pé ẹgbẹ́ méjèèjì ló jàre. Àwọn baba wa kò kó ìṣẹ̀dá àti iṣẹ́ ọwọ́ lé ẹnì kan ṣoṣo lọ́wọ́. Wọ́n pín in bí iṣẹ́ ṣe ń pín nínú ilé ọ̀gá oníṣẹ́. Pínpín yìí ní ìtàn lẹ́yìn, ó sì kan àwa tí à ń lọ sí yunifásítì lónìí ju bí a ṣe rò lọ.

Bí wọ́n ṣe pín iṣẹ́

Ọ̀jọ̀gbọ́n Bọ́lájí Ìdòwú kọ ìtàn náà sínú ìwé tó ṣe lórí Olódùmarè ní ọdún 1962. Òrìṣà-ńlá, tí í ṣe Ọbàtálá, ló ń fi amọ̀ mọ ara ènìyàn. Bó bá mọ ọ́n tán, iṣẹ́ tirẹ̀ parí nìyẹn, á fi ère náà sílẹ̀ fún Olódùmarè láti fi èémí sí i. Ó wu Òrìṣà-ńlá láti mọ àṣírí èémí yìí, ló bá fi ara pamọ́ sáàárín àwọn ère tó mọ. Olódùmarè rí i, ó rán oorun sí i. Nígbà tó máa fi jí, àwọn ère ti di ènìyàn, wọ́n ti ń rìn. Nínú ìwé Tolkien, àwọn tí wọ́n mọ ni wọ́n fi oorun kùn títí àkókò wọn á fi tó. Ní tiwa, ọ̀gá tó mọ wọ́n gan-an ni oorun gbé lọ.

Iṣẹ́ kò tíì tán síbẹ̀. Ifá ní ènìyàn gbọ́dọ̀ lọ sí ilé Àjàlá láti yan orí. Amọ̀kòkò ni Àjàlá, ọwọ́ rẹ̀ sì dáa, ṣùgbọ́n onígbèsè ni. Nígbà mìíràn, inú àjà ló máa ń sá sí bí olówó bá dé. Orí tó ń mọ kò rí bákan náà: òmíràn jinná dáadáa, òmíràn kò jinná, bí òjò bá sì pa á lójú ọ̀nà ilé ayé, á bẹ̀rẹ̀ sí í yọ́. Ẹni tó bá ti rán aṣọ sọ́dọ̀ télọ̀ tó jẹ gbèsè mọ irú ọ̀gá bẹ́ẹ̀ dáadáa. Ọ̀run tí àwọn baba wa rò kò yàtọ̀ sí ilé iṣẹ́: amọ̀ wà níbẹ̀, iná wà níbẹ̀, ọ̀gá tí iṣẹ́ rẹ̀ ń gún lónìí tí kò gún lọ́la náà wà níbẹ̀.

Ìgbà náà ni ọ̀rọ̀ wá kan Ògún. Wọ́n ní nígbà tí àwọn òrìṣà ń bọ̀ wá sí ayé, igbó dí mọ́ wọn lójú ọ̀nà. Ọbàtálá kọ́kọ́ yọ àdá tirẹ̀, ṣùgbọ́n òjé ni, ó tẹ̀ kòrókòró. Ògún ló fi àdá irin la ọ̀nà, àwọn yòókù sì tẹ̀lé e. Òun náà ló ń parí ohun tí Ọbàtálá bá bẹ̀rẹ̀ sára ènìyàn. Ọbàtálá mọ ọmọ nínú ìyá rẹ̀, ṣùgbọ́n abẹ ló ń gé ìwọ́, abẹ ni olóòlà fi ń dá abẹ́ tí ó sì fi ń kọ ilà ojú, ti Ògún sì ni abẹ.

Ẹ gbọ́ àdúrà tí àwọn àgbà máa ń ṣe fún aboyún: kí òòṣà ya ọnà rere kò wá o. Ọnà tí wọ́n ń wí níhìn-ín kì í ṣe ọ̀nà tí à ń rìn. Ọnà tí agbẹ́gilére ń gbẹ́ sára ilẹ̀kùn ààfin ni, èyí tí à ń fín sára igbá. Ọmọ inú oyún, iṣẹ́ ọnà ni lójú wọn. Ìdí nìyẹn tí orúkọ àwọn ìdílé oníṣẹ́ ọnà fi ń bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú Ọnà, bíi Ọnàbólú àti Ọnàbánjọ, bí orúkọ ìdílé ọdẹ àti alágbẹ̀dẹ ṣe ń bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú Ògún, tí ti onílù sì ń bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú Àyàn.

Ohun tí ilẹ̀ Ifẹ̀ fi hàn

Ẹnìkan lè sọ pé àlọ́ lásán ni gbogbo èyí. Ẹ jẹ́ ká wo ilẹ̀ tí wọ́n ti sọ ìtàn náà.

Gbogbo wa la gbọ́ pé Ọbàtálá ni Olódùmarè kọ́kọ́ rán láti dá ilẹ̀, pé ó mu ẹmu lójú ọ̀nà, ó sùn lọ, Odùduwà sì gba iṣẹ́ náà ṣe. Ọ̀pọ̀ òpìtàn ló rí ìjà ìlú nínú ìtàn yìí. Lójú tiwọn, Ọbàtálá dúró fún àwọn tó ti wà ní Ifẹ̀ tẹ́lẹ̀, Odùduwà sì dúró fún àwọn tó gba agbára lọ́wọ́ wọn. Títí di òní, ọdún Ìtàpá tí wọ́n ń ṣe fún Ọbàtálá ní Ifẹ̀ ṣì ń ránni létí bí ó ṣe kúrò nílùú àti bí ó ṣe padà. Ẹ kíyè sí ohun tó ṣẹ́ kù sí i lọ́wọ́ lẹ́yìn tí agbára bọ́: iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ ni. Odùduwà gba ilẹ̀, Ọbàtálá sì ń mọ ènìyàn lọ. Kò sẹ́ni tó gba ìyẹn lọ́wọ́ rẹ̀.

Bí a bá wo ohun tí wọ́n hú jáde nínú ilẹ̀ Ifẹ̀, a ó rí i pé ìlú oníṣẹ́ ọwọ́ ni. Ní ọdún 1910, Leo Frobenius wá láti Jámánì. Ó rí àwọn ère orí, ó sì wò ó pé irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ kò lè ti ọwọ́ ènìyàn dúdú wá. Ó ní àwọn ará Gíríìkì ayé àtijọ́ ló gbọ́dọ̀ ti ṣe é, nígbà tí wọ́n tẹ̀dó sí etíkun wa. Ní ọdún 1938, àwọn tó ń gbẹ́ ìpìlẹ̀ ilé ní agbo ilé Wúnmọníjẹ̀, lẹ́bàá ààfin, kan àwọn orí idẹ àti bàbà. Nígbà tí àwọn onímọ̀ wá yẹ irú àwọn iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ wò, wọ́n rí i pé láàárín nǹkan bí ọdún 1100 sí 1500 ni wọ́n ṣe wọ́n. Ifẹ̀ náà ni wọ́n sì ti ṣe wọ́n. Kò sí Gíríìkì kankan ńbẹ̀.

Ti ìlẹ̀kẹ̀ ló wá dùn mọ́ wa jù. Ó pẹ́ tí àwọn onímọ̀ ti ń sọ pé díńgí tí Ifẹ̀ fi ṣe ìlẹ̀kẹ̀, òkèèrè ló ti wá, pé ṣe ni àwọn ará Ifẹ̀ kàn ń yọ́ ọ tí wọ́n ń tún un rọ. Ọ̀mọ̀wé Abídèmí Babátúndé Babalọlá lọ gbẹ́ ilẹ̀ Igbó Olókun. Ó rí ìlẹ̀kẹ̀ tó lé ní 12,000, pẹ̀lú àfọ́kù ìkòkò tí wọ́n fi yọ́ díńgí àti àjẹkù iṣẹ́ lóríṣiríṣi. Nígbà tí wọ́n yẹ ohun tó wà nínú díńgí náà wò, wọ́n rí i pé kò bá ti Lárúbáwá mu, kò sì bá ti Yúróòpù mu. Ohun tó wà nínú ilẹ̀ ibẹ̀ gan-an ni wọ́n fi ṣe é. Ẹnìkan ní Ifẹ̀ ló wo yanrìn àti òkúta, tó dán an wò títí ó fi di díńgí.

Irin náà kò gbẹ́yìn. Òpá Ọ̀rànmíyàn, òkúta gíga tó lé ní mítà 5, ìṣó irin ni wọ́n kàn mọ́ ọn lára. Nínú ààfin Ọọ̀ni, irin ńlá kan wà tí wọ́n ní ti Ògúnládìn, alágbẹ̀dẹ Odùduwà, ni. Nígbà ọdún Ọlọ́jọ́, Ọọ̀ni fúnra rẹ̀ á dé adé Arè, á sì lọ sí Òkè Mògún, ojúbọ Ògún. Ọba tó jókòó lórí ìtẹ́ Odùduwà ń lọ bọ òrìṣà alágbẹ̀dẹ lójú gbogbo ayé. Kò sẹ́ni tó rò pé iṣẹ́ àgbẹ̀dẹ kéré sí ipò ọba.

Láti Ifẹ̀ dé Ayọ̀bọ̀

Ọ̀rọ̀ yìí kò jìnnà sí ibi tí à ń gbé. Ilẹ̀ Àwórì ni Ayọ̀bọ̀ wà. Ìtàn Àwórì sọ pé ọdẹ kan tó ń jẹ́ Ọlọ́fin Ògúnfúnminíre ló kúrò ní Ifẹ̀, tó gbé àwo sórí omi, tó ń tẹ̀lé e lọ. Àwo náà rì nítòsí Ìsẹ̀rí, ibẹ̀ sì ni orúkọ Àwórì ti wá. Ẹ tún wo orúkọ ọdẹ náà: Ògún fún mi ní ire. Orúkọ Ògún ni wọ́n gbé wọ agbègbè wa kí Alimosho tó di ìjọba ìbílẹ̀, kí ẹnikẹ́ni tó da ọ̀dà sójú ọ̀nà Ìpájà.

Ògún náà kò sì tíì lọ. Bí ẹ bá ń bọ̀ láti Ìyànà-Ìpájà, ẹ ka àwọn ṣọ́ọ̀bù tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ títì: wẹ́dà, mẹkáníìkì, panẹbítà, àwọn tó ń ṣe fèrèsé alumíníọ̀mù, káfíńtà, àwọn tó ń mọ búlọ́ọ̀kù. Ẹlòmíràn nínú wọn kò bọ Ògún rí, ọmọ ṣọ́ọ̀ṣì tàbí ọmọ mọ́sáláṣí ni. Síbẹ̀, ìlànà tí ilé arọ fi ń kọ́ ọmọ ni wọ́n ń lò. Ọmọṣẹ́ á kọ́kọ́ gbálẹ̀, á gbé irinṣẹ́, á máa wo ọwọ́ ọ̀gá. Lẹ́yìn ọdún mélòó kan, á ṣe fírídọ́ọ̀mù, ọ̀gá á súre fún un níwájú àwọn òbí rẹ̀. Ọ̀nà kan náà ni Lámídì Fákẹ́yẹ gbà, ọmọ Ìlá Ọ̀ràngún tí a bí sí ìdílé agbẹ́gilére. Ó tún lọ jókòó ti Bándélé, ọmọ Aréògún, ní ilé iṣẹ́ tó wà ní Ọ̀yẹ́-Èkìtì, kí òkìkí rẹ̀ tó kàn dé yunifásítì. Ère Odùduwà tó wà ní gbọ̀ngàn Odùduwà ní Yunifásítì Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀, òun ló gbẹ́ ẹ.

Ṣùgbọ́n ohun tó mú ọ̀gá yàtọ̀ sí ọmọṣẹ́ kọjá ìmọ̀. Bí ilẹ̀kùn irin tí ọmọṣẹ́ jó bá ya, oníbàárà kì í wá ọmọṣẹ́, ọ̀gá ni wọ́n ń wá. Ọ̀gá ló ń dáhùn fún gbogbo iṣẹ́ tó bá ti ilé rẹ̀ jáde, èyí tó gún àti èyí tí kò gún. Èyí ló mú wa padà sọ́dọ̀ Ọbàtálá.

Ẹni òòṣà

Ẹmu tí Ọbàtálá mu kò pin sórí ọ̀rọ̀ ilẹ̀. Wọ́n ní ní ọjọ́ tó mu ún yó, ó ń mọ ènìyàn lọ nínú ọtí, abuké, arọ, afọ́jú, àfín àti aràrá sì bọ́ sí i lọ́wọ́. Nígbà tí ojú rẹ̀ dá, ó rí ohun tó ṣe. Kò fọ́ wọn, kò sì sọ wọ́n nù. Aulë gbé òòlù. Ọbàtálá kò gbé nǹkan kan. Ó ní tòun ni wọ́n, òun ni yóò máa ṣọ́ wọn, òun kò sì ní fẹnu kan ẹmu mọ́ láé. Ìdí nìyẹn tí àwọn olùsìn rẹ̀ kì í fi í mu ẹmu, ìdí nìyẹn náà tí Yorùbá fi ń pe àwọn tí ara wọn rí bẹ́ẹ̀ ní ẹni òòṣà. Ẹni tó bá fi abuké ṣe yẹ̀yẹ́, Ọbàtálá ló ń bá ṣeré.

A bá ara wa jiyàn lórí ìtàn yìí pẹ́. Ẹnìkan nínú wa béèrè pé: ta ló fẹ́ kí wọ́n máa pe òun ní àṣìṣe ọ̀mùtí, ì báà jẹ́ òrìṣà ni ọ̀mùtí náà? Ìbéèrè tó tọ́ ni. Ìdáhùn wà nínú oríkì Ọbàtálá fúnra rẹ̀, níbi tí wọ́n ti ń pè é ní Adánibótirí, ẹni tó dá ni bó ti rí, èyí tí ọ̀pọ̀ gbọ́ sí pé ó dá ẹnì kọ̀ọ̀kan bó ṣe wù ú. Ohùn méjì ló wà nínú àṣà wa lórí ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo. Èkínní ní ọwọ́ ṣì í, èkejì ní ó mọ̀-ọ́n-mọ̀ ṣe é ni. Ohun tí ohùn méjèèjì fẹnu kò lé lórí ni pé ẹni tó ṣe é kò sẹ́ ẹ. Lóde òní, àkàndá ẹ̀dá ni ìwé ìròyìn àti rédíò ń pe àwọn ènìyàn wọ̀nyí, ohùn kejì sì ni ọ̀rọ̀ náà ń tẹ̀lé: ẹ̀dá ni wọ́n, kì í ṣe àjẹkù ẹ̀dá.

A kò ní fi ayé àtijọ́ yangàn ju bó ṣe yẹ lọ. Wọ́n bẹ̀rù àfín níbì kan bí wọ́n ṣe bọ̀wọ̀ fún un níbòmíràn, ìdílé tó sì fi ọmọ pamọ́ sínú yàrá kò wọ́n láyé àtijọ́, kò wọ́n lónìí. Ṣùgbọ́n ìlànà náà wà, ó sì ṣe kedere: ẹni tó bá kọ́ nǹkan ló máa dáhùn fún ẹni tí nǹkan náà kò gbà.

Ta ló máa la ọ̀nà?

Ìjọba Ìpínlẹ̀ Èkó ṣe òfin lórí àwọn àkàndá ẹ̀dá ní ọdún 2011. Ní oṣù kìíní ọdún 2019, Ààrẹ Muhammadu Buhari fọwọ́ sí òfin ti gbogbo Nàìjíríà, èyí tó ka yíya àwọn àkàndá ẹ̀dá sọ́tọ̀ léèwọ̀. Òfin náà fún àwọn ilé tí gbogbo ènìyàn ń lò ní ọdún 5 láti tún ara wọn ṣe, kí ẹni tó wà lórí kẹ̀kẹ́ aláìlèrìn lè wọlé bí ẹlòmíràn. Oṣù kìíní ọdún 2024 ni ọdún 5 náà pé.

Ẹ wo àyíká yín. Mélòó nínú àwọn gbọ̀ngàn tí ẹ ti gba ẹ̀kọ́ ló ní ibi gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ tí kẹ̀kẹ́ lè gùn? Mélòó ni ilé ìgbọ̀nsẹ̀ tí ẹnu ọ̀nà rẹ̀ fẹ̀ tó? Bó bá jẹ́ orí òkè kẹta ni kíláàsì wà, tí kò sì sí ẹ̀rọ agbéniròkè, ta ló ń gbé akẹ́kọ̀ọ́ tí kò lè rìn gòkè, báwo ló sì ṣe ń rí lára rẹ̀ kí wọ́n máa gbé e bí ẹrù lójú àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀? Ọbàtálá kọ́ ló ṣe àtẹ̀gùn yẹn. Ayàwòrán ilé ló yà á, bíríkìlà ló mọ ọ́n, ọ̀gá kan sì fọwọ́ sí i.

Níbi tí iṣẹ́ òrìṣà méjèèjì ti pàdé nìyí. Ọbàtálá mọ ènìyàn bó ṣe mọ ọ́n, ó sì dúró tì í. Èyí tó kù, ti Ògún ni: irin, kọnkéré, ọ̀nà lílà. Igbó tó dí mọ́ àwọn òrìṣà lójú ọjọ́ kìíní kò yàtọ̀ sí àtẹ̀gùn márùn-ún tó dí mọ́ ẹni òòṣà lẹ́nu ọ̀nà ilé ìkàwé. Wẹ́dà tó wà ní ìdí ọ̀nà wa ní Ayọ̀bọ̀ mọ bí wọ́n ṣe ń jó ibi ìfọwọ́dì irin. Bíríkìlà mọ bí wọ́n ṣe ń da kọnkéré gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́. Kò sí ohun ìjìnlẹ̀ kankan nínú rẹ̀. Ohun tó ń dí i lọ́wọ́ ni pé kò sí ọ̀gá tó sọ pé òun lòun máa dáhùn.

Ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n wa tí ẹ ti jáde, tí ẹ ń yàwòrán ilé, tí ẹ jẹ́ ẹnjiníà, tí ẹ ń gba iṣẹ́ ìkọ́lé, ẹ̀yin ni ọ̀rọ̀ yìí bá wí jù. Nígbà tí wọ́n bá tún gbé ìwé ilé síwájú yín kí ẹ fọwọ́ sí i, ẹ kọ́kọ́ wo ẹnu ọ̀nà. Àwa tí a ṣì wà níbí náà á ka àtẹ̀gùn ilé tí a ti ń kàwé ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, a ó kọ ọ́ sílẹ̀, a ó sì gbé e lọ bá ẹgbẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ wa kí sáà yìí tó parí.